Ẹ̀dọ̀ Àgùntàn Tí Ẹ Jẹ ní Semey

Chuguchak,
ọjọ́ kẹsàn-án, Oṣù Kìíní, 1911

Ìyá mi ọ̀wọ́n,

Ẹ kú òtútù o. Ẹ kú ìtọ́jú ilé, ẹ sì bá mi kí Bàbá. Orúnkún yín ńkọ́? Àwa náà wà, a dúpẹ́. Kafiya ti hu eyín kan nísàlẹ̀, èmi ló sì kọ́kọ́ fi bù jẹ. Ṣùgbọ́n ó ń wúkọ́ lóru, àyà mi kì í sì í balẹ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi bi ìyá agbẹ̀bí bóyá kí n máa fi ọ̀rá àgùntàn tó lọ́ wọ́ọ́rọ́ pa á láyà, àbí kí n fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ẹ tún bá mi fi ọṣẹ Kazan ránṣẹ́, méjì péré. Tibí ń họ ọmọ lára.

Ọ̀rọ̀ ìlú kò dára. Ọba Rọ́ṣíà àti ọba Ṣáínà ti ń fa àdéhùn òwò àtijọ́ yẹn mọ́ ara wọn lọ́wọ́, èyí tó ní kí àwa ọmọ abẹ́ Rọ́ṣíà máa ná ọjà níbí láìsan owó bodè. Ajẹ́lẹ̀ Ṣáínà ti kó sójà sí ọ̀nà àárín òkè. Wọ́n tún pàṣẹ pé kí ẹ̀yà kọ̀ọ̀kan padà sábẹ́ olórí tirẹ̀: Kazakh sọ́dọ̀ olórí Kazakh, ará Kashgar sọ́dọ̀ báálẹ̀ wọn, àwa Tatar sọ́dọ̀ Onírùngbọ̀n Funfun, àgbà àdúgbò wa. Kí ẹnikẹ́ni má sùn sílé ẹ̀yà mìíràn. Bàbá Kafiya ní, "Bí wọ́n bá ní kí àgùntàn náà padà sọ́dọ̀ ẹ̀yà tirẹ̀, kí la ó máa jẹ?" Òun nìkan ló rẹ́rìn-ín.

Ìdí tí mo fi tètè kọ̀wé nìyí. Sadir Akhun tó wọ̀ sọ́dọ̀ yín, ará Kashgar tó ń gbé lẹ́yìn ògiri wa, tó kó irun àgùntàn wá sí Semey lórúkọ ọkọ mi kí oníbodè má baà gbowó lọ́wọ́ rẹ̀, ìyàwó rẹ̀ Ayimhan ti bímọ ọkùnrin. Nítorí pé méjì ti kú mọ́ ọn lọ́wọ́ ṣáájú, ó sọ èyí ní Turdi, ìyẹn ni pé ọmọ náà dúró. Ọmọ dúró lóòótọ́, àmọ́ ibà dá ìyá wólẹ̀, omi ọmú rẹ̀ sì gbẹ. Mò ń gbọ́ igbe ọmọ náà láti ẹ̀yìn ògiri títí omi ọmú tèmi fi ń dà sí mi láṣọ. Mo bi Bàbá Kafiya léèrè. Ó ní, "Kí lo tún ń bi mí sí? Lọ gbé e wá." Bí mo ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í fún un lọ́mú nìyẹn. Ọmú òsì ló mú fún ara rẹ̀, torí ọ̀tún ni Kafiya fẹ́ràn.

Mo ń sọ fún yín nítorí ẹ̀yin lẹ kọ́ mi pé obìnrin kì í fún ọmọ ọlọ́mọ lọ́mú kó fi ṣe àṣírí. Ẹ sọ fún Sadir pé ara ìyàwó rẹ̀ kò yá, àmọ́ ẹ má sọ ọ́ bí ẹni ń tú ẹrù sílẹ̀. Ọkùnrin tó máa mú lẹ́tà yìí lọ ní òun ò mọ̀ bóyá sójà á jẹ́ kí òun kọjá.

Èmi ni ọmọ yín,
Mahruy


Semey,
ọjọ́ kejì, Oṣù Kejì

Ìyá Kafiya,

Ṣé àlàáfíà lo wà? Mo ní ṣé àlàáfíà lo wà, torí láti ìgbà tí bàrà wà lọ́jà ni mo ti rí ìwé rẹ kẹ́yìn. A rán ọ lọ sílé ìwé ju gbogbo ọmọbìnrin àdúgbò lọ. Ọmọ Bibijamal tí kò lè kọ orúkọ ara rẹ̀ ń wá ẹni bá a kọ lẹ́tà sí ìyá rẹ̀ lóṣooṣù. Èmi tí mo bí ọ̀mọ̀wé, ojú fèrèsé ni mò ń wò.

Wọ́n ní ọ̀nà ti dí. Ìránṣẹ́ aṣojú ọba wa ló gbà láti mú èyí wá fún ọ, torí bàbá rẹ ń ta aṣọ fún ìyàwó rẹ̀ láwìn.

Jókòó kí o gbọ́ ìròyìn ayọ̀. Darandaran ràkúnmí tó kọjá kẹ́yìn kí wọ́n tó ti ọ̀nà ló sọ fún Sadir pé ìyàwó rẹ̀ ti bí ọkùnrin, Turdi ni wọ́n sọ ọ́. Ọkùnrin náà fò sókè nínú ilé ìdáná mi, ó gbá ìkòkò tíì mi dànù, mi ò sì bínú. Bàbá rẹ pa àgùntàn. Nígbà tí ẹran jinná, ó gé ẹ̀dọ̀ àti ọ̀rá ìrù rẹ̀, ó fi bọ Sadir lẹ́nu, Sadir náà fi bọ bàbá rẹ lẹ́nu níwájú gbogbo àlejò, wọ́n wá ń fi ọwọ́ ọ̀rá pa ara wọn lójú bí ọmọdé. O mọ ohun tíyẹn jẹ́. Ọwọ́ àwọn Kazakh la ti kọ́ ọ, àmọ́ ẹni tó bá ti jẹ ẹ̀dọ̀ yẹn ní Semey ti di àna, kò sí àyípadà. Kafiya ti di ìyàwó àfẹ́sọ́nà Turdi. Sadir sì ti fa abo ẹṣin rẹ̀ aláwọ̀ eérú lé wa lọ́wọ́.

Má fojú burúkú ka ìwé yìí. Ọmọ òrukàn ni ọkọ rẹ, ọwọ́ bàbá rẹ ló dàgbà sí, ó sì ti fi irú ọ̀rọ̀ báyìí lé e lọ́wọ́ lójú ẹlẹ́rìí lọ́jọ́ ìgbéyàwó yín. Ìdí mìíràn sì wà. Látìgbà tí ìjà òwò yìí ti dé, wọ́n ní kí ará Kashgar tí kò bá ní ẹbí níbí gba ọ̀nà ilé. Bí Sadir bá sì padà sọ́hùn-ún báyìí, wọ́n á ní ó sá kúrò lábẹ́ báálẹ̀ rẹ̀, wọ́n á dè é. Nítorí pé ó ti di àna wa ni bàbá rẹ fi lè dúró fún un ní ọ́fíìsì, tí wọ́n fi kọ ọ́ mọ́ ọmọ abẹ́ Rọ́ṣíà.

Nítorí náà, máa yọ̀. Kí Ìyá Turdi náà máa yọ̀. Fi tíì dídì ránṣẹ́ sí mi bí ọ̀nà bá ṣí, èyí dúdú tí wọ́n tẹ̀ pọ̀ bí bíríkì.

Ìyá rẹ tó ń retí ìwé,
Bibigaysha


Chuguchak,
ogúnjọ́, Oṣù Kejì

Ìyá mi ọ̀wọ́n,

Ẹ kú àìrójú. Mi ò tíì gbọ́ nǹkan kan láti ọ̀dọ̀ yín, mi ò sì mọ̀ bóyá ìwé mi ìṣáájú dé.

Ayimhan ti kú. Ibà yẹn kò lọ. Lọ́jọ́ tó kẹ́yìn, ó ní kí n gbé Turdi wá kí òun rí i bó ṣe ń mu ọmú. Mo jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, mo fún un lọ́mú. Ó ní, "Ó mọ̀ ọ́n mu," ó sì yíjú sí ògiri. Àwa obìnrin àdúgbò méjèèjì la wẹ̀ ẹ́, ti Tatar àti ti Kashgar, àṣẹ ajẹ́lẹ̀ ì báà kọ̀ ọ́. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fẹ̀sọ̀ sọ fún ọkọ rẹ̀.

Turdi wà lọ́dọ̀ mi báyìí tọ̀sán tòru. Àwọn tó ń ka orí wá lánàá: òṣìṣẹ́ ajẹ́lẹ̀ kan tó fi awọ ewúrẹ́ bo etí, ògbufọ̀ rẹ̀, àti ìránṣẹ́ báálẹ̀ ará Kashgar. Ìránṣẹ́ yìí ò tíì kí wa tó fi ní, "Ọmọ Sadir wà níbí. Ẹ̀yà wa ni. Ẹ gbé e fún wa."

Mo ní, "Ta ló máa fún un lọ́mú lọ́hùn-ún? Ṣé báálẹ̀?"

Ògbufọ̀ bú sẹ́rìn-ín, kò túmọ̀ ìyẹn. Òṣìṣẹ́ náà nàka sí ọmọ tó wà láyà mi. "Ọmọ ta ni?"

"Ọmọ mi ni."

"Èyí tó di aṣọ rẹ mú nílẹ̀ yẹn ńkọ́?"

"Ọmọ mi ni."

"Ìbejì ni wọ́n?"

Ògbufọ̀ ní, "Ọ̀gá, bó bá jẹ́ ìbejì ni, ẹnì kan pẹ́ lọ́nà o! Ọ̀kan ti ń gé búrẹ́dì jẹ, èkejì ò tíì lè gbé ọrùn dúró."

Onírùngbọ̀n Funfun, tó bá wọn wá, ló gbà mí. Ó fi ọ̀pá kan ilẹ̀, ó ní, "Nínú ẹ̀sìn wa, ọmọ tó bá ti mu ọmú obìnrin ti di ọmọ rẹ̀. Òun àti ọmọ tí obìnrin náà bí ti di iyèkan, wọn kò lè fẹ́ ara wọn láéláé. Ará Kashgar náà mọ̀ bẹ́ẹ̀. Bi ìránṣẹ́ báálẹ̀ bóyá irọ́ ni mo pa."

Ìránṣẹ́ báálẹ̀ wolẹ̀. Kò lè sọ pé irọ́ ni.

Òṣìṣẹ́ náà ní òfin ọmú kò kan òun, ibi tí òun máa kọ ọ́ sí ni kí wọ́n sọ. Òtútù ti mú un, tíì sì ń hó lórí ààrò. Ó kọ ọ́ sábẹ́ ọkọ mi: ìyàwó kan, ọmọ méjì. Ṣùgbọ́n bó ṣe ń jáde, ó ní kí ògbufọ̀ sọ fún mi pé nígbà tí ọ̀nà bá ṣí, oníbodè á yẹ̀ ẹ́ wò, torí ọmọ tí obìnrin ilẹ̀ yìí bá bí kì í kọjá òkè lọ sí Rọ́ṣíà.

Kafiya ti jáwọ́ nínú ikọ́. Mo fi ọ̀rá pa á láyà láìdúró de ìdáhùn. Ọṣẹ kò tíì dé.

Mahruy


Chuguchak,
ọjọ́ kọkànlá, Oṣù Kẹta

Ìyá mi,

Ìwé yín dé lónìí. Mi ò lè kí yín bó ṣe yẹ, ẹ má bínú.

Ìyá mi, kí lẹ ṣe yìí? Iyèkan lẹ fi fún iyèkan! Láti Oṣù Kìíní ni Turdi ti ń mu ọmú mi. Mo kọ ọ́ sí yín, ó dà bí ẹni pé inú àpò ẹnì kan ní ẹsẹ̀ òkè ni ìwé náà sùn sí, nígbà tí ẹ̀yin ń pa àgùntàn. Ẹ̀yin tí ẹ máa ń ní kí n béèrè lọ́wọ́ yín kí n tó ra abẹ́rẹ́, ẹ ò lè dúró dè mí títí yìnyín á fi yọ́?

Mo ka ìwé náà sí Bàbá Kafiya létí. Ó bọ́ fìlà, ó tún un dé. Ó ní, "Èmi ni mo fún Bàbá láṣẹ, èmi náà ni mo ní kí o gbé ọmọ wá. Ọwọ́ mi méjèèjì ni mo fi so okùn yìí."

Mo ti rò ó lọ, mo rò ó bọ̀. Bí a bá fi ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀, a ti sọ ọmọ wa méjèèjì sínú ohun tí Ọlọ́run kọ̀. Bí a bá tú u ká, Sadir kì í ṣe àna yín mọ́. Wọ́n á gba ìwé ọwọ́ rẹ̀, wọ́n á lé e padà wá síbí kí wọ́n dè é, Turdi á sì di ọmọ báálẹ̀ tí kò mọ̀ ọ́n rí. Yóò tún dà bí ẹni pé Bàbá jẹ ẹ̀dọ̀ àdéhùn yẹn tán, ó nu ẹnu. Mi ò mọ èyí tó yẹ kí n máa bẹ̀rù jù. Kafiya ò mọ̀ pé nǹkan kan ń ṣẹlẹ̀. Ó fi àtẹ́lẹwọ́ gbá Turdi lórí láàárọ̀ yìí, ó sì fi búrẹ́dì rẹ̀ tó ti tutọ́ sí bẹ̀ ẹ́.

Ẹ má jẹ́ kí Sadir gbọ́ ti wàhálà àfẹ́sọ́nà yìí kó tó gbọ́ ti ikú ìyàwó rẹ̀. Kó kọ́kọ́ sunkún ẹni tó kú ná.

Ẹ dá mi lóhùn kíákíá. Ẹ bá mi bẹ Bàbá kó má bínú sí mi.

Mahruy


Semey,
ọjọ́ kẹtàdínlọ́gbọ̀n, Oṣù Kẹta

Mahruy ọmọ mi,

Ìwé rẹ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta dé nínú àpò kan ṣoṣo, àfi bí adìyẹ tí wọ́n so lẹ́sẹ̀ pọ̀. Èyí tó kẹ́yìn ló wà lókè, òun ni mo kọ́kọ́ ṣí. Mo ka "iyèkan lẹ fi fún iyèkan", mo ní, "Ó ti tán, òtútù ti mú ọmọ mi lórí." Ìgbà tí mo ka méjì tó kù ni mo jókòó sílẹ̀. O ti kọ̀wé sí mi. Mo bú ọ lásán. Kí n má tún un sọ.

Bàbá rẹ ló sọ fún Sadir. Mi ò gbọ́ ohun tó sọ, mo kàn rí Sadir tó jáde lọ sí ilé ẹṣin, kò sì wọlé jẹun. Lọ́jọ́ kejì ó wá sí ẹnu ọ̀nà ilé ìdáná, ó ní, "Ìyá, ẹ bá mi tún ibi tí ó ti ní 'Ó mọ̀ ọ́n mu' kà." Mo kà á fún un. Ó ní kí n tún un kà.

Lẹ́yìn ìyẹn ni àwọn ọkùnrin wá jókòó sórí ọ̀rọ̀ náà. Habir ọlọ́jà awọ, o mọ̀ ọ́n, ó ní, "Kí ló dé tí ẹ ń da ara yín láàmú? Ọmú kì í hàn lójú. Ẹ pa ẹnu dé, kí òwò máa lọ. Ta ló máa mọ̀?"

Mo sọ láti ẹ̀yìn aṣọ ìkélé pé, "Habir, ìwọ tí o kì í ra ẹṣin láìla ẹnu rẹ̀ wò, ẹnu ọmọ tèmi lo fẹ́ ká pa dé?"

Ó ní, "Obìnrin yìí, mi ò mọ̀ pé o wà níbẹ̀."

Mo ní, "Níbo lo fẹ́ kí n wà? Tíì ta lò ń mu?"

Ìmáàmù dúró kí ẹ̀rín tán. Ó ní ẹ̀dọ̀ tí wọ́n ti jẹ, wọn kò lè pọ̀ ọ́, àmọ́ ìgbéyàwó kò sí nínú rẹ̀ mọ́; kí wọ́n wá orúkọ mìíràn fún un. Mò ń wo Sadir láti ibi ihò aṣọ, torí ó lè bínú dìde kó gba ẹṣin rẹ̀, kò sì ní jẹ̀bi. Ó dìde lóòótọ́. Ó wá kúnlẹ̀ níwájú bàbá rẹ. "Bàbá, èmi ń wá bí n ó ṣe di ẹbí yín, ọmọ yín sì ti sọ mí dà á kí n tó la ẹnu. Ẹ má dá ẹṣin náà padà. Mo fi san ẹ̀tọ́ ọmú."

Ó ku ọ̀rọ̀ ìwé. Bàbá rẹ ò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni wá tú u lẹ́yìn òun, ó mú Sadir lọ bá akọ̀wé ọ́fíìsì fúnra rẹ̀, ó là á yé e. Akọ̀wé ní ọmú kò sí nínú ìwé òun.

Bàbá rẹ ní, "Ẹ̀dọ̀ ńkọ́?"

"Ẹ̀dọ̀ náà kò sí."

"Kí lo wá kọ síbẹ̀ nígbà yẹn?"

"Mo kọ 'ẹbí'."

"Ẹbí ni. Má fọwọ́ kàn án."

Akọ̀wé náà kò fọwọ́ kàn án. Wọ́n padà wálé, bàbá rẹ ń rìn bí ẹni tó ta gbogbo ọjà rẹ̀.

Nǹkan kan ṣoṣo ni Sadir ń tọrọ báyìí: ọmọ rẹ̀. Òun ò lè kọjá wá síbẹ̀, o mọ ìdí. Ìwọ ló máa gbé e dé àárín òkè. Mo mọ ohun tí mo ń sọ fún ọ. Mo ti bímọ rí, mo sì ti fi ọmọ fún ọkọ ní Chuguchak.

Kafiya kò tíì tó ọdún, kò dára kí ó rìnrìn àjò jìnnà, nítorí náà má fi ara rẹ wàhálà láti dé Semey. Orúnkún mi ò jẹ́ kí èmi náà wá. Wàrà ewúrẹ́ la ó máa fún Turdi. Aládùúgbò kan tó ń tọ́mọ ní òun á fún un lọ́mú, mo ní rárá o. Bí gbogbo obìnrin Semey bá fún un lọ́mú, ta ló kù tí ọmọ náà máa fẹ́?

Ìyá rẹ


Chuguchak,
ọjọ́ kejìdínlógún, Oṣù Karùn-ún

Ìyá mi ọ̀wọ́n,

Ẹ kú ìkẹ́ ọmọ. Mo mọ̀ pé kí ìwé yìí tó dé, Turdi á ti wà ní ilé yín. Mo fẹ́ kí ẹ gbọ́ bó ṣe lọ láti ẹnu mi.

Ọba Ṣáínà ti gbà, òwò padà sí bó ṣe wà, wọ́n sì ṣí ọ̀nà. Wọ́n fún mi láyè dé àárín òkè, kí n padà kí ilẹ̀ tó ṣú. Bàbá Kafiya ló wa kẹ̀kẹ́ ẹṣin. Mo gbé Turdi sáyà, mo gbé Kafiya sórí itan. Bí mo ṣe ń lọ ni mò ń bẹ Ọlọ́run pé kí wọ́n dá wa padà, mo sì tún ń bẹ̀ ẹ́ pé kí wọ́n má dá wa padà.

Oníbodè yẹ ìwé wò. Ògbufọ̀ ọjọ́ yẹn náà ló wà níbẹ̀. Ó rí mi, ó ní, "Ìyá ìbejì!"

Oníbodè kò rẹ́rìn-ín. Ó ní ọmọkùnrin yìí jọ ará Kashgar. Bàbá Kafiya ní, "Èmi náà jọ ìyá mi, kò sí ẹni tó tì mí mọ́ bodè fún ìyẹn." Oníbodè ní ọ̀rọ̀ apanilẹ́rìn-ín kọ́ ni òun wá ṣe. Òfin ni pé ọmọ obìnrin ilẹ̀ yìí kì í kọjá. Kí ni ẹ̀rí pé ọmọ mi ni?

Mi ò mọ ohun tí ń bá mi jà. Mo tẹ́ aṣọ onírun sílẹ̀ ní ẹnu bodè gan-an, níwájú ràkúnmí àti ọkùnrin tó ń dúró de àyè láti kọjá. Mo fi ìborùn mi ńlá borí, mo jókòó, mo gbé àwọn méjèèjì sábẹ́ rẹ̀. Kafiya lọ sí ọ̀tún. Turdi lọ sí òsì, kò wá a, ó kàn lọ bí ẹni wọ ilé bàbá rẹ̀. Gbogbo wa ń gbọ́ bí àwọn ọmọ náà ṣe ń gbé e mì.

Oníbodè yíjú sí òkè. Ó bá ògbufọ̀ sọ̀rọ̀.

"Ó ní ó tó. Ó ní kí o dìde, o ti dí ọ̀nà."

"Kí n lọ síbo? Iwájú àbí ẹ̀yìn?"

"Iwájú, ìyá ìbejì! Iwájú! Ojú ń tì í."

Sadir wà ní ìhà kejì pẹ̀lú ẹṣin yín aláwọ̀ eérú, ewúrẹ́ kan sì wà ní ìdè sára gàárì. Ó ti rù sí i. Kò mọ bí wọ́n ṣe ń gbé ọmọ, mo ní láti tẹ ìgúnpá rẹ̀ sípò. Turdi wò ó, ó di irùngbọ̀n rẹ̀ mú. Mo ní kó máa fi ọwọ́ ti ẹ̀yìn rẹ̀ bó bá mu wàrà tán. Mo ní kó má jẹ́ kí atẹ́gùn fẹ́ sí i létí. Mo tún ìyẹn sọ. Ó ní, "Mo gbọ́, Ìyá Turdi." Ìgbà náà ni Bàbá Kafiya wá dì mí lápá, torí ilẹ̀ máa tó ṣú.

Ẹ jọ̀ọ́, kì í sùn bí ilé bá dákẹ́ jù. Ẹ máa fọ abọ́ nítòsí rẹ̀. Bó bá gbóná, ẹ wo ẹnu rẹ̀ ná, eyín lè ti máa bọ̀. Nígbà tí àwọn méjèèjì bá tó ọmọ tí ọ̀rọ̀ ń yé, kí á tètè sọ fún wọn pé iyèkan ni wọ́n, kó má jẹ́ ẹnu àlejò ni wọ́n á ti gbọ́.

Tíì dídì yín wà lọ́dọ̀ Sadir, nínú àpò gàárì. Ọṣẹ mi ńkọ́?

Ara mi yá, ẹ má bẹ̀rù. Ọmú òsì ló wú, ó sì ń ro mí. Kí ó lè fúyẹ́ ni mo ṣe fi bọ Kafiya lẹ́nu láàárọ̀ yìí. Ó fà sẹ́yìn, ó yí orí ká gbogbo yàrá, ó ń wá ẹni tó ni ín.

Èmi ni ọmọ yín,
Mahruy